Igbó Tí Ó Ń Tàn Lóru àti Yíǹkì Pupa Olùkọ́

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ilé-ẹ̀kọ́ wa, ẹ̀yin tí ẹ ti Gánà wá, ẹ̀yin tí ẹ ti Sàró, Gáḿbíà, Tógò àti Bìnì wá, pẹ̀lú ẹ̀yin ọmọ Nàìjíríà tí ẹ jẹ́ onílé, ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ bá yín sọ kì í ṣe irú èyí tí àgbàlagbà máa ń fẹ́ sọ ní gbangba, nítorí pé orí èmi fúnra mi ni ẹ̀bi rẹ̀ wà. Ṣùgbọ́n láìpẹ́ ẹ̀yin náà yóò dúró níwájú àwọn ọmọ ọlọ́mọ pẹ̀lú yíǹkì pupa lọ́wọ́ yín, mo sì rí i pé bí n kò bá sọ ọ́, ó ṣeé ṣe kí ohun tí mo ṣe jẹ́ ohun tí ẹ̀yin náà yóò ṣe.

Kí ọdún 2009 tó dé, mo jẹ́ olùkọ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ kan ní òkè Odò Ọya, ní ìlú tí àwọn Yorùbá oníṣòwò pọ̀ sí, tí wọ́n sì ń fẹ́ kí a kọ́ àwọn ọmọ wọn ní èdè baba wọn. Ní ọjọ́ kan mo kọ àkọlé àròkọ sí ojú pátákó: "Ìlú Kan Tí Mo Fẹ́ràn." Àwọn ọmọ tí ó wà nínú kíláàsì náà lé ní ogójì. Ìbàdàn, Ògbómọ̀ṣọ́, Ọ̀ffà àti Èkó ni ọ̀pọ̀lọpọ̀ wọn kọ nípa rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni púpọ̀ nínú wọn kò dé ibẹ̀ rí. Ọmọdébìnrin kan, tí kò lè ju ọmọ ọdún mọ́kànlá lọ, kọ nípa ìlú tí kò sí níbì kankan.

Ó ní ìlú náà wà láàrin igbó. Kò sí àtùpà níbẹ̀, kò sì sí iná mànàmáná. Àwọn igi ni ó ń tàn fún àwọn ará ìlú. Ní ọ̀sán, igi a máa jẹ oòrùn. Ní òru, a máa dá a padà díẹ̀díẹ̀ láti ojú ewé. Ewé tuntun a máa tàn ju ewé tí ó ti gbó lọ, òdòdó ni ó sì ń tàn jù lọ. Ní ìgbà òjò, bí ìkùukùu bá bo oòrùn fún ọjọ́ mẹ́ta, ìmọ́lẹ̀ ìlú a di bàìbàì, àwọn ènìyàn a sì tètè sùn. Ewé tí a bá já kì í tàn mọ́, nítorí náà ó jẹ́ òfin pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ ṣẹ́ ẹ̀ka. Ìyá tí ó bá bímọ a gbin igi kan sí ẹ̀bá fèrèsé, kí ọmọ náà lè máa rí ìwé kà lálẹ́ nígbà tí ó bá dàgbà, kí ìyá má sì ra kẹrosín-ìn mọ́.

Mo kà á tán, mo sì rẹ́rìn-ín. Mo fi yíǹkì pupa fa ìlà láti òkè ojú ìwé dé ìsàlẹ̀, mo kọ ọ́ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ pé, "Irọ́! Kọ ohun tí ojú rẹ rí," mo sì fún un ní máàkì mẹ́ta nínú ogún. Èyí kò tó mi. Mo kà á sókè fún gbogbo kíláàsì, àwọn yòókù sì rẹ́rìn-ín bí mo ti rẹ́rìn-ín. Ọmọ náà dìde, ó fi ọwọ́ méjèèjì sẹ́yìn, ó ní, "Ẹ jọ̀wọ́ tíṣà, ìlú tí a fẹ́ràn ni ẹ ní kí a kọ nípa rẹ̀, ẹ kò ní ìlú tí a ti dé." Mo ní kí ó kúnlẹ̀ nítorí ìgbójú.

Láti ọjọ́ náà lọ, ọjà, oko àti ọdún Kérésìmesì ni ọmọ náà ń kọ nípa rẹ̀. Iṣẹ́ rẹ̀ mọ́ tónítóní. Mo ń fún un ní máàkì mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, mo ń fún un ní mẹ́rìndínlógún, mo sì ń sọ lọ́kàn mi pé mo ti tọ́ ọ sọ́nà. Ẹ jẹ́ kí n sọ òtítọ́ fún yín: máàkì mẹ́ta yẹn kò dùn mí tó mẹ́rìndínlógún wọ̀nyí.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 2009 ni sinimá *Avatar*, iṣẹ́ James Cameron tí í ṣe ọmọ ilẹ̀ Kánádà, jáde. Ó pẹ́ díẹ̀ kí n tó rí i. Ọmọ àbúrò mi ni ó mú un wá sí ilé mi ní àkókò ìsinmi. Bí ó ti fẹ́ bẹ̀rẹ̀, ó ní, "Bàbá, ẹ jẹ́ kí a pa iná. Kò níí dùn bí iná bá wà." Mo kọ̀ fún un, nítorí mo fẹ́ máa yẹ ìwé àwọn ọmọ wò bí sinimá ti ń lọ. Ó bẹ̀ mí títí, mo gbà, a sì pa iná.

Pandora ni orúkọ ayé tí wọ́n fi hàn nínú sinimá náà. Ó dà bí òṣùpá tí ó ń yí pílánẹ́ẹ̀tì ńlá kan ká, ní ẹ̀gbẹ́ ìràwọ̀ Alpha Centauri, èyí tí ó sún mọ́ oòrùn wa, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ìmọ́lẹ̀ fúnra rẹ̀ yóò rin ìrìn ọdún mẹ́rin ó lé kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wa láti ibẹ̀. Igbó kìjikìji ni ó kún ibẹ̀. Ọmọ ènìyàn kò lè mí afẹ́fẹ́ rẹ̀ láìbo imú. Ní ọ̀sán, igbó náà dà bí igbó tí àwa náà mọ̀, àyàfi pé àwọn igi rẹ̀ ga ju tiwa lọ. Ṣùgbọ́n bí ilẹ̀ bá ti ṣú, gbogbo rẹ̀ a yí padà. Ewé a tàn bí aró tí a gbé sínú oòrùn, èèhù ilẹ̀ a tàn ní àwọ̀ ewé tútù, okùn tí ó so rọ̀ láti orí igi a tàn ní àwọ̀ elésè àlùkò. Ibi tí ẹsẹ̀ bá tẹ̀ a mọ́lẹ̀, a sì tún ṣú bí ẹsẹ̀ bá ti kúrò, tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tí ń sáré níbẹ̀ dà bí ẹni tí ń kọ̀wé sí ilẹ̀.

Apá kan wà nínú sinimá náà tí mo fẹ́ kí ẹ wò dáradára bí ẹ bá rí i. Jake, ọkùnrin àlejò tí ó ti ayé wa lọ síbẹ̀, ṣáko nù sínú igbó, ilẹ̀ sì ṣú bá a. Ẹ̀rù ń bà á, ó tan ògùṣọ̀, ó ń jù ú síhìn-ín sọ́hùn-ún láti lé àwọn ẹranko búburú tí ó yí i ká. Ní gbogbo àkókò tí ògùṣọ̀ ń jó, òkùnkùn biribiri ni àwa tí ń wòran rí lẹ́yìn rẹ̀. Nígbà náà ni Neytiri, ọmọbìnrin ilẹ̀ náà, dé tí ó gbà á là. Ó gba ògùṣọ̀ náà, ó sì sọ ọ́ sínú omi. Iná kú. Lójú ẹsẹ̀ ni gbogbo igbó tàn yí wọn ká. Ó ti ń tàn tẹ́lẹ̀. Ògùṣọ̀ ni kò jẹ́ kí a rí i. Mo wo apá náà tán, mo ní kí ọmọ àbúrò mi dá a dúró, mo sì jókòó nínú òkùnkùn yàrá mi, mo ń ronú nípa ìwé àròkọ kan.

Bí mo ti jẹ́ olùkọ́, n kò lè ṣàì béèrè ibi tí ọkùnrin yìí ti rí igbó rẹ̀. Orí òfìfo kọ́ ni ó ti mú un. Inú òkun ni Cameron ti mú ohun púpọ̀ nínú rẹ̀. Kí ó tó ṣe *Avatar* ni ó ti ń wọ inú òkun jíjìn lọ, títí kan ibi tí ọkọ̀ Titanic rì sí, èyí tí ó ṣe sinimá nípa rẹ̀ ní 1997. Ní oṣù Kẹta ọdún 2012 òun nìkan wọ ọkọ̀ abẹ́ omi, ó sì dé ìsàlẹ̀ kòtò Mariana ní òkun Pàsífíìkì, ibi tí ó jìn ju mítà 10,000 lọ. Ní irú ibẹ̀, oòrùn kò lè dé, ìmọ́lẹ̀ sì wọ́pọ̀ lára ohun alààyè. Ní 2017 àwọn onímọ̀ kan tí wọ́n ti fi ọ̀pọ̀ ọdún ya àwòrán nínú omi òkun Kalifóníà kéde pé nínú ẹ̀dá mẹ́rin tí wọ́n bá rí, nǹkan bí mẹ́ta ni ó lè tan ìmọ́lẹ̀ láti ara rẹ̀. Àwọn irúgbìn funfun tí ó ń fò lójú ọ̀run Pandora, tí wọ́n bà lé Jake lára, bí àwọn ẹ̀dá òkun tí ara wọn mọ́ gaara bí dígí ni wọ́n ṣe ń lúwẹ̀ẹ́ nínú afẹ́fẹ́. Òkun ni ó gbé wá sórí ilẹ̀. Ó sì pe onímọ̀ ewéko gidi, Jodie Holt ti Yunifásítì Kalifóníà ní Riverside, kí ó gbà á ní ìmọ̀ràn nípa ewéko ayé náà.

Síbẹ̀, mo ní ẹjọ́ kan láti bá a rò. Ìmọ́lẹ̀ kì í ṣe ọ̀fẹ́ fún ohun alààyè. Tanátaná tí ẹ ń rí lálẹ́ ń ná oúnjẹ ara rẹ̀ láti tàn. Ó ń tàn nítorí pé ó ń wá ìyàwó tàbí ọkọ. Ẹja inú òkun jíjìn ń tàn láti fa oúnjẹ wá sí ẹnu rẹ̀, tàbí láti dẹ́rù ba ọ̀tá. Ta ni ewé Pandora ń pè? Pílánẹ́ẹ̀tì ńlá tí ó wà lókè rẹ̀ ń tan ìmọ́lẹ̀ sí i lóru, oòrùn kejì sì tún wà ní ìràwọ̀ náà. Òru ibẹ̀ kò lè ṣú tó bẹ́ẹ̀ ní gbogbo ìgbà. Kí ni ó dé tí gbogbo nǹkan, àti kékeré àti ńlá, fi ń ná oúnjẹ wọn lórí ìmọ́lẹ̀? Sinimá náà kò dáhùn ìbéèrè yìí fún mi. Ó lẹ́wà, ṣùgbọ́n ní apá yìí òfin rẹ̀ kò dájú. Ọmọdébìnrin tí mo fún ní máàkì mẹ́ta dáhùn tirẹ̀: igi rẹ̀ ń jẹ oòrùn lọ́sàn-án, ó sì ń san án padà lóru, nígbà tí oòrùn bá sì ṣọ̀wọ́n, ìmọ́lẹ̀ a ṣọ̀wọ́n.

Nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ sí wá ìwé kà lórí ọ̀rọ̀ yìí ni mo bá àwọn ọmọdé mìíràn pàdé. Ní nǹkan bí ọdún 1840, George Gardner, ọmọ ilẹ̀ Skọ́tíláǹdì tí ń kó ewéko jọ ní ilẹ̀ Bràsíl, ń rìn lálẹ́ ní ìlú kan tí à ń pè ní Natividade. Ó rí àwọn ọmọkùnrin tí ń fi ohun kan tí ó ń tàn ṣeré ní ìgboro. Ó kọ́kọ́ rò pé kòkòrò bí tanátaná ni. Nígbà tí ó sún mọ́ wọn, olú ni, olú tí ń hù lára imọ̀ ọ̀pẹ kúkúrú kan tí ó ti ń jẹrà, tí àwọn ará ibẹ̀ sì ti ní orúkọ fún: wọ́n ń pè é ní òdòdó àgbọn. Gardner kọ ọ́ pé díẹ̀ nínú wọn tó fún ènìyàn láti fi kàwé nínú yàrá tí ó ṣókùnkùn. Ó fi í ránṣẹ́ sí ilé, wọ́n sì fi orúkọ rẹ̀ pe olú náà. Lẹ́yìn náà àwọn ọ̀mọ̀wé kò rí i mọ́ fún ohun tí ó lé ní ọgọ́jọ ọdún. Nǹkan bí ọdún 2005 ni wọ́n tó tún bá a pàdé, ní 2011 ni wọ́n sì fún un ní orúkọ tí ó ń jẹ́ nísinsìnyí, *Neonothopanus gardneri*. Bí Gardner bá jẹ́ irú olùkọ́ tí mo jẹ́ nígbà náà, ì bá ti ní kí àwọn ọmọ náà kúnlẹ̀.

Irú olú tí ń tàn báyìí tí a ti mọ̀ káàkiri ayé lé ní àádọ́rin. Ohun tí ó ń tàn nínú wọn jẹ́ èròjà kan tí à ń pè ní luciferin, orúkọ tí Raphaël Dubois ará Faransé ti fún irú rẹ̀ láti ìparí ọ̀rúndún 19. Bí ó bá pàdé afẹ́fẹ́ oxygen pẹ̀lú olùrànlọ́wọ́ rẹ̀ nínú ara, a tú ìmọ́lẹ̀ jáde láìsí ooru. Ìdí tí olú fi ń ṣe wàhálà bẹ́ẹ̀ ru àwọn onímọ̀ lójú pẹ́. Ní 2015 àwọn kan gbé olú àtọwọ́dá tí wọ́n fi iná kékeré aláwọ̀ ewé sí nínú lọ sí igbó Bràsíl, wọ́n sì gbé èyí tí kò ní iná sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Kòkòrò tí ó wá sí ọ̀dọ̀ èyí tí ń tàn pọ̀ ju ti èkejì lọ. Wọ́n tún rí i pé olú gidi náà mọ àkókò: òru ni ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ń le, ọ̀sán ni ó ń rọlẹ̀. Ó dà bí ẹni pé ó ń pe àwọn kòkòrò kí wọ́n wá gbé irúgbìn rẹ̀ káàkiri. Níbi yìí, òfin dúró.

Nípa ewéko gidi, igi tàbí koríko tàbí òdòdó, kò sí ọ̀kan tí a mọ̀ tí Olódùmarè dá láti máa tàn lóru lójú ènìyàn. Ọmọ ènìyàn ni ó ti ń gbìyànjú rẹ̀. Ní 1986 àwọn onímọ̀ ní Amẹ́ríkà mú jíìnì kan, èyíinì ni àṣẹ àbínibí tí ó wà nínú ara ohun alààyè, láti ara kòkòrò tanátaná, wọ́n sì fi í sínú tábà. Tábà náà tàn, ṣùgbọ́n bí wọn kò bá fún un ní èròjà luciferin mu, kò lè dá tàn. Ní 2020 àwọn onímọ̀, tí púpọ̀ nínú wọn jẹ́ ará Rọ́ṣíà, lo jíìnì olú dípò ti kòkòrò, nítorí pé inú èròjà kan tí ó ti wà nínú ara gbogbo ewéko tẹ́lẹ̀ ni olú ti ń ṣe luciferin tirẹ̀. Tábà yìí ń dá tàn fúnra rẹ̀ láti ìgbà tí ó wà ní èèhù títí dé ìgbà tí ó gbó. Ní 2024 wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí ta òdòdó petunia tí a ṣe bẹ́ẹ̀ fún àwọn ará Amẹ́ríkà láti gbìn sí ilé. Ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ kò ju ti òṣùpá lọ, ẹ kò lè fi kàwé.

Ibi tí mo dé nínú ìròyìn ti 2020 yẹn tí mo fi ìwé sílẹ̀ ni ibi tí wọ́n ti sọ pé apá tí ó kéré ní ọjọ́ orí lára ewéko náà ni ó ń tàn ju èyí tí ó ti gbó lọ, àti pé òdòdó rẹ̀ ni ó ń tàn jù. Ẹ padà lọ wo ohun tí ọmọdébìnrin náà kọ.

N kò wí pé wòlíì ni. Ó ṣeé ṣe kí ó kàn wo bí ewé tuntun ti ń dán lójú oòrùn, kí ó sì rò ó síwájú díẹ̀. Ṣùgbọ́n bí a ti ń ronú nìyẹn. Ó mú ohun tí ó mọ̀, ó gbé e lọ sí ibi tí kò sí, ó sì jẹ́ kí ó máa pa òfin mọ́ níbẹ̀. Mo bá a wí nítorí pé ohun tí kò sí ni ó kọ, n kò sì wo bí ó ti kọ ọ́.

Mo ti sọ ọ̀rọ̀ yìí fún àwọn olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, wọn kò sì gbà fún mi tán. Ẹnìkan ní ìdánwò kì í béèrè igbó tí ń tàn. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹni tí ó lè dá ìlú sílẹ̀ pẹ̀lú òfin rẹ̀ kò níí ṣàì lè sọ nípa ọjà ìlú rẹ̀. Ẹlòmíràn ní a ó sọ àwọn ọmọ di onírọ́. Èyí ni ó yà mí lẹ́nu jù lọ láti ẹnu ọmọ Yorùbá. Nígbà tí ìyá wa bá pe "Àlọ́ o," tí a sì dáhùn "Àlọ̀," ta ni ó ń parọ́ fún ta? Gbogbo wa ni a ti mọ̀ pé a ń lọ sí ibi tí ìjàpá ti ń sọ̀rọ̀. Ẹ̀yin ará Gánà ní Ananse; kò sí ọmọ Àṣáńtì kan tí ó jí ní òwúrọ̀ tí ó ń wá aláǹtakùn láti bá a dú iṣu. Onírọ́ ni ẹni tí ó fẹ́ kí o gba ohun tí kò rí bẹ́ẹ̀ gbọ́. Ọmọ yẹn kò bẹ̀ mí pé kí n gba ohunkóhun gbọ́.

Ẹ sì jẹ́ kí a rántí Amos Tutuola. Ọmọ Abẹ́òkúta ni, kò ka ìwé púpọ̀, ìránṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ìjọba ni ní Èkó nígbà tí *The Palm-Wine Drinkard* jáde ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1952. Nínú ìwé náà igi funfun ńlá kan wà tí ìyá olóore kan ń gbé inú rẹ̀, gbọ̀ngàn ijó sì wà nínú igi náà tí àwọn iná rẹ̀ ń pa àwọ̀ dà láti ìgbà dé ìgbà. Kí a tó bí ọ̀pọ̀ àwọn tí wọ́n ya Pandora, igi tí ìmọ́lẹ̀ wà nínú rẹ̀ ti wà nínú ìwé ọmọ Yorùbá. Nígbà náà ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọ̀mọ̀wé ilẹ̀ wa ni wọ́n tijú nítorí rẹ̀. Wọ́n ní Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò tọ́, wọ́n ní àwọn òyìnbó yóò fi wá ṣe yẹ̀yẹ́. Yíǹkì pupa ni wọ́n nà sí i. Lónìí a ń kọ́ ọ ní yunifásítì káàkiri ayé.

Nínú *Avatar* fúnra rẹ̀, ọ̀gá ilé-iṣẹ́ tí ó wá wa kùsà ní Pandora jẹ́ irú ẹni bẹ́ẹ̀. Ọkọ̀ akatapílà rẹ̀ ti wó igi tí ń tàn, tí àwọn ará ibẹ̀ ń lọ gbọ́ ohùn àwọn baba ńlá wọn níbẹ̀. Grace, onímọ̀ ewéko, wá ń ṣàlàyé fún un pé gbòǹgbò àwọn igi náà ń bá ara wọn sọ̀rọ̀, bí iṣan ọpọlọ ti ń ṣe. Ọkùnrin náà rẹ́rìn-ín sí i. Igi lásán ni wọ́n jẹ́ lójú rẹ̀. Mo mọ ẹ̀rín náà. Mo ti rín in rí, níwájú kíláàsì mi.

Ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé mo ní kí a máa fún gbogbo ohun tí ọmọ bá kọ ní máàkì ogún. Láti ìgbà tí sinimá yìí ti jáde, tí apá kejì rẹ̀ sì tẹ̀lé e ní 2022, mo ti ka àròkọ tí ó kún fún àwọn ènìyàn aláwọ̀ aró tí wọ́n ní ìrù, tí ń gun ẹyẹ, tí igbó wọn sì ń tàn láìnídìí. Ẹ̀dà ni èyí. Ọmọ tí ó kọ ọ́ kò rò ó, ó wò ó ni. Irú rẹ̀ ni mo ń bi léèrè nísinsìnyí: kí ni ó ń jẹ tí ó fi ń tàn? Ta ni ó ń tàn fún? Kí ni ó ń ṣẹlẹ̀ bí òjò bá rọ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan? Ọmọ tí ó dà á kọ lásán kò níí rí èsì. Ọmọ tí ó rò ó yóò dáhùn kí o tó béèrè tán, nígbà mìíràn yóò sì sọ ohun tí ìwọ olùkọ́ kò rò rí, ó sì di dandan kí o lọ ka ìwé ní alẹ́ ọjọ́ náà. Iṣẹ́ pọ̀ nínú irú ìkọ́ni bẹ́ẹ̀, n kò tan yín jẹ. Kíkọ "Irọ́!" yá ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Nígbà tí ẹ bá lọ fún ìdánrawò ìkọ́ni ní sáà tí ń bọ̀, ẹ fi í dán àwọn ọmọ wò. Ẹ má ṣe fi sinimá hàn wọ́n kí wọ́n tó kọ̀wé, ẹ̀yìn ìwé ni kí ẹ fi í hàn wọ́n. Bí ilé-ẹ̀kọ́ tí ẹ bá lọ kò bá sì ní iná mànàmáná, èyí kò dí yín lọ́wọ́ rárá. Ọmọ tí ń fi àtùpà kàwé mọ iyì ìmọ́lẹ̀ ju ọmọ tí ń tẹ bọ́tìnnì lọ.

Mo ti gbìyànjú láti wá ọmọdébìnrin náà. Wọ́n ní àwọn òbí rẹ̀ ti kó padà sí ìlú wọn ní ọdún díẹ̀ lẹ́yìn tí mo kúrò níbẹ̀, n kò sì tíì bá ẹni tí ó mọ ibi tí ó wà pàdé. Ìwé àròkọ náà kò sí lọ́wọ́ mi. Mo ti dá a padà fún un pẹ̀lú ìlà pupa lójú rẹ̀. Ohun tí mo kọ síhìn-ín ni ohun tí mo rántí.

Olóòtú apá Yorùbá ti gbà láti fi ojú ewé méjì sílẹ̀ nínú ìwé ìròyìn wa tí ń bọ̀ fún ẹnikẹ́ni nínú yín tí ó bá kọ nípa ibi kan tí kò sí, ní èdè Yorùbá. Ẹ̀yin tí Yorùbá kì í ṣe èdè ìyá yín, ẹ má ṣe bẹ̀rù àmì ohùn, a ó jọ tò ó. Kí ẹ mú un wá sí yàrá mi kí oṣù yìí tó parí. Pẹ́ńsù ni mo fi ń yẹ iṣẹ́ wò báyìí.